Ẹsẹ̀ Tẹ́rì Lọ́dún tí A Gba Ife

Bẹ́ẹ̀dì tó wà nínú yàrá kékeré òkè ilé wa ní Blackley kò gùn tó Tẹ́rì. Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ sùn lórí rẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì yọ síta láti ọrùn ẹsẹ̀ dé ọmọ ìka, ni Dádì bá lọ gbé àpótí irinṣẹ́ wọn wọlé, wọ́n tẹ́ ìrọ̀rí lé e lórí, wọ́n sì sún un ti ìdí bẹ́ẹ̀dì. Wọ́n ní ó parí, gbogbo ara ti rí ibi sùn. Ọmọ Améríkà ni Tẹ́rì, ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún, aláwọ̀ dúdú bíi tiwa, ó wá ń gbá básíkẹ́tì jẹun lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ kan ní Manchester. Ẹgbẹ́ náà kì í gba ilé fún àwọn agbábọ́ọ̀lù tó bá ti òkè òkun wá. Ọ̀dọ̀ ìdílé tó bá ní yàrá tó ṣófo ni wọ́n máa ń fi wọ́n sí. Bọ̀dá kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, tó ń ṣiṣẹ́ ní gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù náà, ló wá sọ fún Dádì. Ilé ìkẹ́rùsí kan ní Oldham ni iṣẹ́ Dádì wà nígbà náà, wọn kò sì tíì wo básíkẹ́tì délẹ̀ rí láyé wọn, àmọ́ wọ́n ní kí ọmọ náà máa bọ̀. Ohun tí wọn kò sọ fún ẹgbẹ́ náà ni pé oyún Mọ́mì ti wọ oṣù keje, àti pé Màmá, ìyá Dádì, ti ń di ẹrù ní Ìsẹ́yìn láti wá wẹ ọmọ.

Nígbà tí ọdún fi máa yí, ilé oníyàrá mẹ́ta yẹn ti kún. Dádì, Mọ́mì àti Ayọ̀, ọmọ tuntun, wà ní yàrá iwájú. Èmi àti Màmá wà ní ti ẹ̀yìn. Tẹ́rì àti àpótí irinṣẹ́ wà láàárín. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí, "Bọ̀dá Tẹ́rì" sì ni Mọ́mì ní kí n máa pè é; ní báyìí tí ọjọ́ orí mi ti ju tirẹ̀ ìgbà yẹn lọ dáadáa, mo rò pé kò ní bínú bí mo bá pè é ní Tẹ́rì lásán nínú ìwé. Ariwo ilé náà kò tíì kúrò létí mi. Páìpù tó máa ń dún kọ́ kọ́ kọ́ nínú ògiri láàárọ̀ kí ilé tó móoru. Àdúrà Màmá, tí wọ́n gbà pé ìdákẹ́jẹ́ ni àwọn ń gbà á, tí gbogbo wa sì ń ṣe àmín sí láti orí bẹ́ẹ̀dì wa. Bílẹ́ńdà tó ń lọ ẹ̀wà àkàrà ní àárọ̀ Sátidé. Igbe Ayọ̀ nínú bèsìnnì, àti ọwọ́ Màmá pà, pà, pà, ní ẹ̀yìn rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni Tẹ́rì lórí àtẹ̀gùn. Méjì méjì ló máa ń fo àtẹ̀gùn wa, gbogbo àwo inú kọ́bọ́ọ̀dù á sì máa gbọ̀n. Mọ́mì á ké láti kíṣìnnì pé, "Terry, please, the stairs," òun náà á dáhùn pé, "Sorry, ma," nítorí kò lo ju ọ̀sẹ̀ kan lọ kó tó kọ́ "ma" yẹn lẹ́nu mi.

Màmá kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, Tẹ́rì kò gbọ́ Yorùbá, èmi ni mo wà láàárín wọn. Bí mo bá ti bọ́ báàgì ilé ìwé sílẹ̀ báyìí, iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Sọ fún un pé ọbẹ̀ ti gbóná. Bi í bóyá ìyá rẹ̀ ṣì wà láyé. Sọ fún un pé aṣọ tó wọ̀ jáde láàárọ̀ yẹn fẹ́lẹ́ jù fún irú òtútù yìí. Láàárín ọjọ́ mélòó kan ni wọ́n ti fún un ní oríkì, Àkànní, wọ́n ní ọkùnrin tó ga tó báyẹn kò gbọdọ̀ máa rìn kiri láìní oríkì, inú Tẹ́rì sì dùn sí i débi pé ó kọ ọ́ sára bàtà rẹ̀. Lákọ̀ọ́kọ́, mo máa ń gé ọ̀rọ̀ Màmá kúrú, nítorí wọ́n mọ ọ̀rọ̀ sọ, wọ́n sì tún mọ ènìyàn kí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Lọ́jọ́ kan, wọ́n kí Tẹ́rì káàbọ̀, wọ́n kí i kú òtútù, wọ́n kí i kú iṣẹ́ ẹsẹ̀, wọ́n ṣàdúrà fún ìyá tó bí i, èmi wá sọ pé, "She says welcome." Màmá, tí wọ́n máa ń fi oríkì pe èmi Bísí náà, yíjú sí mi. "Àbẹ̀kẹ́, gbogbo ohun tí mo sọ nìyẹn?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, mà. Wọ́n ní, "Irọ́ lo pa. Ẹnu lásán ni mo yá lọ́wọ́ rẹ, ọ̀rọ̀ tèmi ni. Bí mo bá ṣe rán ọ ni kó o ṣe jẹ́ ẹ." Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń jẹ́ iṣẹ́ Màmá ní odindi, ìbáà gùn ju ẹsẹ̀ Tẹ́rì lọ.

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni ẹgbẹ́ náà máa ń gbá bọ́ọ̀lù nílé. Láti ṣọ́ọ̀ṣì la ti ń lọ tààrà, nínú aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì, pẹ̀lú kúlà mọ́ín-mọ́ín lórí itan Màmá. Gbọ̀ngàn náà kò tóbi tó bí mo ṣe rò. Àwọn bẹ́ńṣì tí wọ́n fà jáde láti ara ògiri la ń jókòó lé, ilẹ̀ rẹ̀ sì kún fún ìlà oríṣiríṣi àwọ̀ nítorí àwọn ọmọ ilé ìwé ń lò ó láàárín ọ̀sẹ̀. Mo rántí pé ojú mi wálẹ̀ lọ́jọ́ àkọ́kọ́, tí mo ti ń retí ohun tí mo ń rí nínú tẹlifíṣọ̀n. Àfìgbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀. Bàtà bẹ̀rẹ̀ sí í ké lórí ilẹ̀ yẹn, bọ́ọ̀lù ń dún gbì gbì gbì títí ó fi dà bíi pé inú àyà mi ló wà, lẹ́yìn náà ni mo rí Tẹ́rì. Nínú ilé wa, gbogbo ẹnu ọ̀nà ló máa ń tẹrí ba fún. Inú gbọ̀ngàn yẹn ni mo ti kọ́kọ́ rí i tó dúró ní gígùn tí Ọlọ́run fún un. Ó sáré, ó gbé ẹsẹ̀ kúrò nílẹ̀, àwọn mìíràn fò pẹ̀lú rẹ̀, gbogbo wọn sì ti balẹ̀ kí òun tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá fi bọ́ọ̀lù sínú àwọ̀n pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni ń gbé ẹyin sínú abọ́. Màmá di apá mi mú. Wọ́n ní, "Ta ló gbé e sókè?" Mo ní kò sẹ́ni tó gbé e, òun ló fò. Wọ́n ní irọ́ ni. Títí di òní, mo ti wo eré oríṣiríṣi, mo ti sanwó gọbọi wọ pápá tó tóbi ju àdúgbò wa lọ, n kò tíì rí ohun tó wú mi lórí tó ọ̀sán ọjọ́ yẹn.

Màmá náà di ẹni mímọ̀ ní gbọ̀ngàn yẹn. Lójú tiwọn, iṣẹ́ ni gbogbo ènìyàn ń ṣe níbẹ̀, ẹni tó bá sì ń ṣiṣẹ́, a gbọ́dọ̀ kí i. Wọ́n ń kí obìnrin tó ń gba tíkẹ́ẹ̀tì kú iṣẹ́, wọ́n ń kí ọmọbìnrin tó ń fi aṣọ nu òógùn nílẹ̀, wọ́n ń kí rẹfirí kódà nígbà tí gbogbo gbọ̀ngàn bá ń bú u. Èyí tó burú jù ni pé bí ẹnikẹ́ni bá ṣubú, ì báà jẹ́ ẹgbẹ́ tó wá bá wa jà, Màmá á dìde. "Pẹ̀lẹ́ o, ọmọ mi. Àbẹ̀kẹ́, bá mi sọ fún un." Èmi tí wọ́n ti kìlọ̀ fún, màá gun orí bẹ́ńṣì, màá pariwo pé, "Sorry! My grandma says sorry!" Bàbá òyìnbó kan wà tó máa ń jókòó níwájú wa, tó máa ń fi sikáàfù ẹgbẹ́ wa sọ́rùn. Níbẹ̀rẹ̀, ó máa ń yíjú pa dà wò wá bíi pé a ń ṣe àtìlẹ́yìn fún ọ̀tá. Kí òtútù tó lọ, òun náà ti ń sọ "pẹ̀lẹ́" fún gbogbo ẹni tó bá ṣubú. A sì ń borí. Kò sí ẹgbẹ́ tó wá bá wa nílé lọ́dún yẹn tó rẹ́rìn-ín pa dà.

Màmá ló kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ọ̀sán ọjọ́ kan ni, wọ́n ń fi òrí ra Ayọ̀ lára ní pálọ̀, èmi ń ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá nílẹ̀, Tẹ́rì ń gun òkè lọ. Màmá dá ọwọ́ dúró. "Bó ṣe ń gun òkè kọ́ nìyẹn." Èmi kò gbọ́ ìyàtọ̀ kankan. Wọ́n ní kò fo àtẹ̀gùn mọ́, ẹyọ kọ̀ọ̀kan ló ń gbà, ẹsẹ̀ kan sì ń bẹ̀rù ilẹ̀. Wọ́n ní kí n pè é wá. Nígbà tó dé, Màmá nawọ́ sí bàtà ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín. Màmá kò rẹ́rìn-ín. Nígbà tó bọ́ ọ, òkè ẹsẹ̀ náà ti wú bíi búrẹ́dì tí wọ́n rẹ sínú tíì. Tẹ́rì jókòó sílẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀ mí. Ó ní kí n bá òun sọ fún Màmá pé kí wọ́n má sọ fún ẹnikẹ́ni. Ó ní bí kóòṣì bá gbọ́, ó parí, wọ́n á mú ẹlòmíràn wá láti Améríkà, wọ́n á sì fún òun ní tíkẹ́ẹ̀tì bàálù kí eré ọdún náà tó tán. Ó ní kí ìyá mi pàápàá má gbọ́, nítorí nọ́ọ̀sì ni wọ́n. Ó ní láti kékeré tí òun ti ń gbá bọ́ọ̀lù, kò tíì sí ẹgbẹ́ òun kankan tó gba ife rí, ọdún yìí ni òun fẹ́rẹ̀ẹ́ fọwọ́ kàn án.  Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún Màmá. Wọ́n wo ẹsẹ̀ yẹn títí. Wọ́n ní, "Mo gbọ́." Wọ́n ní kí n lọ gbé omi kaná.

Ọ̀sẹ̀ méjì la fi ṣe é. Bí mo bá ti dé láti ilé ìwé, tí Mọ́mì àti Ayọ̀ bá ti sùn lọ́sàn-án, Tẹ́rì á wá jókòó sílẹ̀ ní pálọ̀, Màmá á ki táwẹ̀lì bọ omi gbígbóná, wọ́n á fi jó ẹsẹ̀ náà, wọ́n á fi òrí rà á. Tẹ́rì á ki ẹnu bọ ìrọ̀rí kí igbe rẹ̀ má baà jí Mọ́mì. Inú bèsìnnì Ayọ̀ kan náà ni, Màmá sì ń kọrin ọmọ tuntun kan náà. Lójoojúmọ́, wọ́n á fi àtàǹpàkò tẹ ojú ibì kan, wọ́n á sì wo ojú Tẹ́rì. Òun á ní ó ti sàn. Màmá á tún tẹ̀ ẹ́. Ní ọjọ́ Àìkú, ó tún ń fò, gbogbo gbọ̀ngàn ń pariwo orúkọ rẹ̀, ó ku èmi nìkan tí mo rí i pé ẹsẹ̀ òsì ló fi ń balẹ̀ ní gbogbo ìgbà. Mo ń fi í yangàn nínú ara mi. Mo rò pé èmi àti ọkùnrin tó nígboyà jù lọ ní Manchester la jọ ní àṣírí.

Ó wá ku eré mẹ́ta, gbogbo rẹ̀ nílé. Ẹgbẹ́ kan ṣoṣo ló ń lé wa; bí a bá borí nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ife di tiwa. A borí nínú àkọ́kọ́. Lẹ́yìn eré, kóòṣì ń lọ yíká láti dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn ìdílé tó gba àwọn agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ sílé. Ọmọ Manchester ni, ọkùnrin kúkurú tí irun rẹ̀ ti funfun, tí ohùn rẹ̀ sì máa ń há ní gbogbo ọjọ́ Àìkú. Tẹ́rì dúró tì í, aṣọ rẹ̀ tutù fún òógùn, ó gbé ọwọ́ lé mi lórí. Màmá dìde, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì di ọwọ́ kóòṣì mú.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, kóòṣì. Ẹ kú wàhálà àwọn ọmọ yìí. Ẹ kú àmójútó Àkànní wa. Ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ tó wú ńkọ́, kí lẹ rí sí i? Àwa ti ń fi omi gbígbóná jó o láti ọ̀sẹ̀ méjì, ojú ibì kan wà níbẹ̀ tí kò gbọ́."

Wọ́n wò mí pé kí n ṣe iṣẹ́ mi. Kò sí ohun tó ṣàjèjì nínú ohun tí Màmá sọ. Bí ara ènìyàn kò bá yá, a máa ń béèrè rẹ̀ nígbà tí a bá ń kíni. Ẹni tí kò bá béèrè ni a máa ń bínú sí. Ṣùgbọ́n ọwọ́ Tẹ́rì ti dúró gbagidi lórí mi. Nínú Yorùbá díẹ̀ tó ti gbọ́ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì yẹn, "ẹsẹ̀" ni ọ̀rọ̀ tó mọ̀ jù. Mo lè sọ pé, "She says well done." Ọ̀rọ̀ náà ti wà lórí ahọ́n mi. Mo gbé ojú sókè, ojú Màmá kò kúrò lára mi. Mo jẹ́ iṣẹ́ náà ní odindi, títí dé orí omi gbígbóná. Kóòṣì wo bàtà Tẹ́rì. Pẹ̀lú ohùn rẹ̀ tó há, ó ní kó bọ́ ọ.

Ní ọjọ́ kejì, wọ́n ya fọ́tò ẹsẹ̀ náà ní hospital, egungun kan ti sán. Dókítà ní ká ní ó fi gbá eré méjì tó kù, egungun náà lè dá sí méjì, kò sì sẹ́ni tó lè ṣèlérí pé ó tún máa fi gbá bọ́ọ̀lù mọ́. Mọ́mì bínú ju bí mo ṣe rí wọn rí lọ. "Nọ́ọ̀sì wà nínú ilé yìí, ẹ̀ ń fi omi gbígbóná jó egungun tó sán, nínú bèsìnnì ọmọ mi?" Dádì ń pẹ̀tù sí i. Wọ́n ní Màmá ti dàgbà, wọ́n ti gbàgbé pé àṣírí ni, ìkíni ló gbé wọn lọ. Màmá kò bá wọn jiyàn. Wọ́n ń ṣa ẹ̀wà. Wọ́n kàn ní, "Ṣé kí n má béèrè ẹsẹ̀ ọmọ lọ́wọ́ ẹni tó ń lò ó ni?" Tẹ́rì náà gbà pé ọjọ́ ogbó ni. Mo gbọ́ ọ tó ń sọ fún ìyá rẹ̀ lórí fóònù pé ìyá àgbà ni, kò mọ̀, kò sẹ́ni tó lè bínú sí i. Èmi ló bínú sí, nítorí èmi mọ̀. Ó ń fi ìdí gun àtẹ̀gùn báyìí, pẹ̀lú ọ̀pá abíyá méjì lọ́wọ́, bó bá sì kọjá lára mi, á máa wo ògiri. Kò bá wa jẹun nísàlẹ̀ mọ́. Èmi ni mo ń gbé oúnjẹ rẹ̀ lọ sẹ́nu ọ̀nà, màá kan ilẹ̀kùn, màá sá lọ. Mọ́mì ní kí n má sunkún, iṣẹ́ tí wọ́n rán mi ni mo jẹ́. Ìyẹn kò tù mí nínú rárá.

Ẹgbẹ́ náà pè ní ọjọ́ Wẹ́sìdeè. Ẹni tó máa rọ́pò Tẹ́rì ti wọ bàálù, wọ́n fẹ́ yàrá náà, tíkẹ́ẹ̀tì Tẹ́rì sì ti wà fún ọ̀túnla. Dádì ló gbé fóònù. Dádì kì í bá òyìnbó jiyàn lórí fóònù. Bí báńkì bá pè wọ́n, Mọ́mì ni wọ́n máa ń gbé e fún. Lọ́jọ́ yẹn wọ́n dúró gbọn-in ní kọ́rídọ̀, nínú aṣọ iṣẹ́, wọ́n ní, "This boy is living in my house. When the season finish, he will go. Find another house for that other one." Wọ́n gbọ́ ohun tí ẹni yẹn sọ, wọ́n tún gbogbo rẹ̀ sọ láti ìbẹ̀rẹ̀, láìyí ẹyọ ọ̀rọ̀ kan pa dà. Kóòṣì bá wa dá sí i, wọ́n sì sún tíkẹ́ẹ̀tì náà síwájú. Tẹ́rì wà lórí àtẹ̀gùn tó ń gbọ́. Ìrọ̀lẹ́ yẹn, ó sọ̀ kalẹ̀ wá jẹ ẹ̀bà pẹ̀lú wa, ó sì kí Dádì kú iṣẹ́ bí Màmá ṣe máa ń kí wọn. Kò bá mi sọ̀rọ̀ síbẹ̀síbẹ̀.

A borí nínú eré kejì láìsí Tẹ́rì. Lọ́jọ́ eré ìkẹyìn, ènìyàn kún gbọ̀ngàn débi pé wọ́n dúró ti ògiri. Àárín èmi àti Màmá ni Tẹ́rì jókòó sí, wọ́n ti fi P.O.P. di ẹsẹ̀ rẹ̀. Bàbá onísikáàfù dìde fún ẹsẹ̀ náà, ó ní kó gbé e lé àyè òun, òun á dúró. Ọmọkùnrin tó rọ́pò Tẹ́rì kò ga tó o, ṣùgbọ́n ara rẹ̀ le. Ní gbogbo ìgbà tí wọ́n fi ń gbá a, ọwọ́ Tẹ́rì ń ṣe bí ẹni di bọ́ọ̀lù mú lórí itan rẹ̀. Kò yọ̀ bí àwọn tiwa bá ṣàṣìṣe, ohun tí mo ń bẹ̀rù nìyẹn. Ó ń pariwo ibi tí ọmọ náà máa dúró sí fún un, ó ń kọ́ ọ láti orí bẹ́ńṣì títí ohùn tirẹ̀ náà fi há. Ní ìparí, ẹgbẹ́ kejì fi àmì kan ṣoṣo ṣíwájú wa, ó ku bí ìmí ẹ̀mí mẹ́ta mẹ́rin. Bọ́ọ̀lù dé ọwọ́ ọmọ náà gẹ́gẹ́ bí Tẹ́rì ṣe ní kó dúró. Ó fò, wọ́n gbá ọwọ́ rẹ̀ kúrò, bọ́ọ̀lù lu irin, ó já bọ́. Kí ẹnikẹ́ni tó yí ẹsẹ̀ dà, ó ti tún fò láti ojú kan náà, ó sì tì í wọlé.

N kò lè ṣàpèjúwe ariwo náà. Bàbá onísikáàfù ń sunkún, ó di Dádì mọ́ra. Ayọ̀ jí, ó ń ké, kò sẹ́ni tó gbọ́ ọ. Tẹ́rì fi táwẹ̀lì bo ojú, ó sì pẹ́ nínú rẹ̀. Nígbà tó ṣí i, ó pè mí. "Bísí." Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn láti ọjọ́ tí mo ti jẹ́ iṣẹ́ yẹn fún kóòṣì. Ó ní, "Sọ fún Mama pé ká ní èmi ni, ǹ bá fò lẹ́ẹ̀kan. Mi ò ní lè fò lẹ́ẹ̀kejì. A ò bá tí gba ife yìí." Mo tẹ̀ sí etí Màmá, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún wọn.

Màmá ń pàtẹ́wọ́, ojú wọn wà lára àwọn tó ń jó nínú pápá. Wọn kò tilẹ̀ yíjú. Wọ́n ní, "Mo mọ̀. Kí lo rò pé mo torí ẹ̀ kí kóòṣì?"

Mo wò wọ́n. Wọ́n ń pàtẹ́wọ́ wọn lọ. Méjì nínú àwọn agbábọ́ọ̀lù ti ń gun bẹ́ńṣì bọ̀ lọ́dọ̀ wa láti wá gbé Tẹ́rì sọ̀ kalẹ̀ síbi ife. Wọ́n ti ki ọwọ́ bọ abíyá rẹ̀ nígbà tó yíjú sí mi, tó bi mí pé kí ni Màmá wí.

Mo ní wọ́n kí i kú oríire.